Tíì Ọ̀sán Ìgbà Ooru: Àgbọn Sàmóà Pàdé Ìṣápá Mẹ́síkò

Ẹni tó ń fọ abọ́ lọ́wọ́, ẹ kú iṣẹ́ ilé. Ẹni tó wà nínú sún-kẹrẹ-fà-kẹrẹ, ẹ pẹ̀lẹ́, ọ̀nà á là. Ẹni tó fi íyápíìsì sétí nínú bọ́ọ̀sì, ẹ máa wo ojú fèrèsé o, kí wọ́n má gbé yín kọjá ibi tí ẹ ti fẹ́ sọ̀. Èmi náà ni, mo tún ti dé. Ẹ̀yin tí ẹ fẹ́ràn kíkà ju gbígbọ́ lọ, ọ̀rọ̀ náà nìyí bí mo ṣe sọ ọ́.

Ọ̀rọ̀ oúnjẹ la gbé dé lónìí. Tíì ọ̀sán ni, ṣùgbọ́n kì í ṣe ti Gẹ̀ẹ́sì lásán. Mo fẹ́ sọ fún yín bí mo ṣe gbé tíì ọ̀sán kalẹ̀ fún èèyàn mẹ́jọ, tí mo fi adùn Polinésíà àti adùn Mẹ́síkò ṣe é, tí kò sì di àmúlùmálà.

Ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ mọ ohun tí à ń sọ. Ní Lọ́ńdọ̀nù níbí, tí sọ́mà bá dé, oòrùn kì í fẹ́ wọ̀. Aago mẹ́sàn-án alẹ́ á lù, ojú ọ̀run ò ní tíì ṣú. Ní nǹkan bí aago mẹ́rin ọ̀sán ni wọ́n máa ń jẹ tíì ọ̀sán: tíì gbígbóná, búrẹ́dì pẹlẹbẹ tí wọ́n ki nǹkan sí láàárín, sikóònù pẹ̀lú jáàmù, àti kéèkì kéékèèké, gbogbo rẹ̀ lórí àwo alájà mẹ́ta. Wọ́n ní obìnrin ọlọ́lá kan, Anna, ìyàwó Duke ti Bedford, ló sọ ọ́ di àṣà ní nǹkan bí ọdún 1840, torí ebi máa ń pa á kí oúnjẹ alẹ́ tó dé. Ebi náà ni, kò sí àdììtú kankan ńbẹ̀. Ẹ má jẹ́ kó dẹ́rù bà yín. Lọ́dọ̀ wa, Milo náà tíì ni, Bournvita náà tíì ni.

Àwọn wo ni mo fẹ́ ṣe é fún? Àwọn méjì tí a jọ ń ṣiṣẹ́ alẹ́ ní ilé ìtọ́jú àwọn àgbàlagbà ni. Ọ̀kan wá láti Veracruz, ní Mẹ́síkò. Ìkejì dàgbà sí Auckland, ní New Zealand, ṣùgbọ́n ọmọ Sàmóà ni bàbá àti ìyá rẹ̀. Nígbà tí bàbá mi kú, tí mo ní láti lọ sílé lọ sìnkú, àwọn méjèèjì yìí ló pín iṣẹ́ mi láàárín ara wọn fún ọ̀sẹ̀ méjì, kí wọ́n má bàa fi ẹlòmíì rọ́pò mi. Wọn ò gba kọ́bọ̀ lọ́wọ́ mi. Ní sọ́mà yìí, àwọn méjèèjì fẹ́ padà sílé wọn nínú oṣù kan náà. Ẹni tó ṣe irú oore bẹ́ẹ̀ fúnni, a kì í fi "o ṣé" lásán lé e lọ.

Mo bi wọ́n pé kí ni wọ́n fẹ́ jẹ. Ọmọ Veracruz ní, "Ohun tó bá wù ẹ́, ṣùgbọ́n má dé fìlà abẹtí gbàràmù yẹn fún mi o." Ọmọ Sàmóà ní, "Èmi náà, má so koríko mọ́ mi nídìí." Gbogbo wa rẹ́rìn-ín. Àmọ́ nígbà tí mo délé, mo rí i pé ọ̀rọ̀ ńlá ni wọ́n sọ.

Torí irú àríyá báyìí, ó ti bàjẹ́ lọ́wọ́ ọ̀pọ̀ èèyàn. Ní Amẹ́ríkà, láti bí ọdún 1933 sí 1934, ilé ọtí kan wà ní Hollywood tó ń jẹ́ Don the Beachcomber. Òun àti èkejì rẹ̀, Trader Vic's, ni wọ́n sọ ohun tí wọ́n ń pè ní "tiki" di ìlú-mọ̀-ọ́n-ká. Wọ́n kó ọpọ́n, oparun àti ère gbígbẹ́ sínú ilé ọtí, wọ́n ní Polinésíà nìyẹn. Ọtí kan wà tó ń jẹ́ Mai Tai. Trader Vic ní òun lòun kọ́kọ́ pò ó, ní 1944. Ohun tó wà nínú rẹ̀ ni ọtí rọ́ọ̀mù, ọsàn wẹ́wẹ́ àti omi ṣúgà olóòórùn dídùn. Orúkọ rẹ̀ nìkan ló ti Tàhítì wá. Tiki fúnra rẹ̀, orúkọ ẹni àkọ́kọ́ tí a dá ni, lọ́dọ̀ àwọn Māori. Ẹ fojú inú wò ó, kí ẹnìkan ya ẹdan Ògbóni sára ife ọtí, kó máa fi tàkìtì nínú àríyá. Ṣé á dùn mọ́ wa?

Torí náà, mo ṣe òfin kan fún ara mi. Mi ò ní da oúnjẹ méjì pọ̀ torí pé wọ́n rẹwà nínú fọ́tò. Màá kọ́kọ́ bèèrè pé: ṣé wọ́n ti pàdé rí? Tí wọ́n bá ti pàdé, ọ̀nà tí wọ́n gbà náà ni màá tọ̀. Ẹ̀yin èèyàn mi, wọ́n ti pàdé, ó ti pẹ́.

Ẹ wo fanílà. Mẹ́síkò ló ti wá. Àwọn Totonac, ní agbègbè Veracruz tí ọ̀rẹ́ mi ti wá gan-an, ni wọ́n ń tọ́jú rẹ̀ látayébáyé. Nígbà tí wọ́n gbé e kúrò níbẹ̀, ó ń yọ òdòdó, ṣùgbọ́n kì í so, torí àwọn kòkòrò tó mọ iṣẹ́ náà kò sí níbòmíì. Ní 1841, ọmọdékùnrin ẹrú kan, ọmọ ọdún méjìlá, Edmond Albius, ní erékùṣù Réunion, rí ọgbọ́n rẹ̀: igi tẹ́ẹ́rẹ́ kan àti àtàǹpàkò ló fi so akọ àti abo òdòdó náà pọ̀. Ọgbọ́n ọmọ aláwọ̀ dúdú yẹn ló sọ fanílà di ohun tí gbogbo ayé ń gbìn. Ó kú ní 1880, òtòṣì ni. Ní 1848, fanílà dé Tàhítì. Lónìí, fanílà Tàhítì wà lára èyí tó wọ́n jù lọ́jà.

Ẹ wo àgbọn. Àwọn ọkọ̀ ojú omi Sípéènì ló gbé e láti apá Pàsífíìkì lọ́hùn-ún wá sí etíkun ìwọ̀ oòrùn Mẹ́síkò, ní nǹkan bí ẹ̀ẹ́dẹ́gbẹ̀ta ọdún ó dín sẹ́yìn. Ẹ tún wo àwọn darandaran. Ní ọdún 1830 sí 1840, ọba Hàwáíì ní kí àwọn darandaran Mẹ́síkò wá kọ́ àwọn èèyàn òun bí wọ́n ṣe ń fi ẹṣin da màlúù. Títí dòní, darandaran ní Hàwáíì ń jẹ́ paniolo, láti ara ọ̀rọ̀ español. Àgbàdo ńkọ́? A máa dé bẹ̀.

Ó yá, ẹ jẹ́ ká wọ kíṣìnì.

Àkọ́kọ́, ohun mímu tútù: agua de Jamaica. Ẹ má jẹ́ kí orúkọ yẹn tàn yín. Ìṣápá pupa ni, ohun kan náà tí a fi ń ṣe zobo! Ilẹ̀ Áfíríkà ló ti wá, ó sì ti di ti Mẹ́síkò débi pé kò sí ilé oúnjẹ kan tí ẹ ò ní bá a. Nàìjíríà gan-an ń kó o lọ tà níbẹ̀, láti apá Kano àti Jigawa lọ́hùn-ún. Ní 2017, Mẹ́síkò dá ìṣápá wa dúró fúngbà díẹ̀ torí kòkòrò tí wọ́n bá nínú ẹrù. Ẹ̀yin tí ẹ fẹ́ ṣòwò, ẹ gbọ́ ìyẹn dáadáa: bí a ṣe gbẹ ẹ́ àti bí a ṣe tọ́jú rẹ̀ ni owó wà.

Ẹ mú 50 gíráàmù ìṣápá gbígbẹ, ẹ fi omi ṣàn án, ẹ sè é nínú lítà omi kan fún ìṣẹ́jú márùn-ún. Ẹ pa iná, ẹ dé e fún 20 ìṣẹ́jú, ẹ sẹ́ ẹ. Ẹ fi nǹkan bí 130 gíráàmù ṣúgà sí i nígbà tó ṣì gbóná, kí ẹ tó da lítà omi tútù kan lé e. Ẹ gbé e sí fíríjì. Mo mọ̀ pé ọwọ́ yín á ti máa yún yín láti fi ata ilẹ̀ àti kànáfùrù sí i. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má fi sí i. Tí ẹ bá fi sí i, ó ti di zobo nìyẹn. Zobo dára, mo fẹ́ràn rẹ̀, ṣùgbọ́n òun kọ́ là ń ṣe lónìí.

Ìkejì, ohun mímu gbígbóná, torí tíì ò lè jẹ́ omi tútù nìkan. Àwọn ará Sàmóà ní ohun kan tí wọ́n ń pè ní koko Samoa. Ẹ gbọ́ orúkọ yẹn: koko! Kòkó náà ni. Wọ́n á yan án, wọ́n á bó o, wọ́n á gún un nínú odó, wọ́n á sì sè é pẹ̀lú omi àti ṣúgà. Kì í ṣe páúdà inú agolo o, ọ̀rá rẹ̀ ṣì wà lára rẹ̀. Àwọn ará Mẹ́síkò, tí àwọn baba ńlá wọn ti ń mu kòkó kí Òyìnbó tó mọ̀ ọ́n rárá, máa ń fi sínámónì sí tiwọn, wọ́n á sì fi igi kan tí wọ́n ń pè ní molinillo yí i títí yóò fi hó. Èmi fi 100 gíráàmù kòkó gígún sínú lítà omi kan, pẹ̀lú igi sínámónì kan, ó hó wọ́ọ́rọ́wọ́ fún ìṣẹ́jú mẹ́wàá, mo sì fi ìpo-ẹyin pò ó kó lè yọ ìfófòó. Ife kékeré ni kí ẹ bù ú sí, torí ó le. Àwa tí kòkó kọ́ ilé fún àwọn bàbá wa, mélòó nínú wa ló ti mu kòkó oko wa báyìí rí?

Ìkẹta, àjà ìsàlẹ̀ àwo: oníyọ̀ rẹ̀. Ní Sàmóà, oka ni ẹja tútù tí wọ́n gé wẹ́wẹ́, tí wọ́n fún ọsàn wẹ́wẹ́ sí, tí wọ́n sì da wàrà àgbọn lé. Ní Mẹ́síkò, ceviche ni ẹja tí wọ́n fún ọsàn wẹ́wẹ́ sí, lórí tostada, ìyẹn tortilla àgbàdo tí wọ́n dín gbẹ. Ẹ ò rí i? Ẹnu ọ̀nà kan náà ni wọ́n ń kàn. Mo fi gíláàsì gé tortilla sí róbótó-róbótó kékeré, mo fi òróró pa á, mo yan án ní 180 fún nǹkan bí ìṣẹ́jú mẹ́wàá títí tó fi gan. Lẹ́yìn náà, 400 gíráàmù ẹja túnà, omi ọsàn wẹ́wẹ́ mẹ́rin, ìṣẹ́jú mẹ́wàá péré. Ẹ ro omi rẹ̀ dànù díẹ̀, ẹ fi wàrà àgbọn bí ìdajì agolo sí i, àlùbọ́sà, tòmátì, kùkúńbà, ata tútù. Ẹ gé píà lé e lórí. Àgbọn wá láti Sàmóà, píà àti ata wá láti Mẹ́síkò.

Ẹ fetí sí mi dáadáa níbí. Ọsàn wẹ́wẹ́ máa ń sọ ẹja di funfun bí ẹni pé ó ti jinná, ṣùgbọ́n kò pa aràn inú ẹja, kò sì pa gbogbo kòkòrò àrùn. Ẹja tí wọ́n bá fẹ́ jẹ ní tútù gbọ́dọ̀ ti wà nínú yìnyín tó tutù tó ìwọ̀n 20 sísàlẹ̀ òdo fún ó kéré tán wákàtí 24, ẹni tó ń tà á sì gbọ́dọ̀ lè sọ fún yín pé jíjẹ ní tútù ni. Tí ẹ bá wà níbi tí iná ti ń lọ tó ń bọ̀, tí fírísà ń yọ́ tó ń dì, ẹ fi ẹja sílẹ̀. Ẹ se edé kó jinná, kó tutù, kí ẹ fi ṣe é. Ẹnikẹ́ni kò gbọ́dọ̀ ti ibi tíì dé ilé ìwòsàn.

Ẹni tí kì í jẹ ẹja, ẹ yan ọ̀dùnkún fún un, ẹ fi ọsàn wẹ́wẹ́, iyọ̀ àti ata gbígbẹ sí i. Ọ̀dùnkún náà ní ìtàn: ilẹ̀ Amẹ́ríkà ti ìsàlẹ̀ ló ti wá, ṣùgbọ́n àwọn ará Polinésíà ti ń gbìn ín kí ọkọ̀ Òyìnbó kankan tó dé ọ̀dọ̀ wọn. Àwọn tó mọ ojú òkun bí a ṣe mọ ojú ọ̀nà ni wọ́n.

Ìkẹrin, àjà àárín, ipò sikóònù: pani popo. Búrẹ́dì àgbọn Sàmóà ni, popo ni àgbọn tó gbó. Fùláwà 500 gíráàmù, yíìsì 7, ṣúgà 60, bọ́tà 50, ẹyin kan, iyọ̀ ṣíbí tíì kan, mílíìkì lílọ́wọ́ọ́wọ́ 250 mílílítà. Ẹ pò ó títí á fi máa fà, ẹ jẹ́ kó wú fún wákàtí kan, ẹ ṣù ú sí méjìlá, ẹ tò ó sínú páànù, kó tún wú fún ìdajì wákàtí. Ẹ wá po agolo wàrà àgbọn kan mọ́ 100 gíráàmù ṣúgà, ẹ dà á lé e lórí. Bẹ́ẹ̀ ni, ẹ dà á lé e! Ó máa dà bíi pé ẹ ti bà á jẹ́. Ẹ fi sínú ófùnù ní 180 fún nǹkan bí ìdajì wákàtí. Òkè rẹ̀ á pupa, ìsàlẹ̀ rẹ̀ á rọ̀ bíi kọ́sítáàdì. Tó bá jáde, ẹ fi í sílẹ̀ fún 20 ìṣẹ́jú kó mu omi rẹ̀ tán.

Dípò jáàmù, ẹ fi cajeta sí i. Wàrà ewúrẹ́ tí a sè pẹ̀lú ṣúgà títí tó fi pọ́n ni; ìlú Celaya ni wọ́n ti mọ̀ ọ́n mọ Mẹ́síkò jù. Wàrà ewúrẹ́ lítà kan, ṣúgà 220 gíráàmù, igi sínámónì kan, àti ọ̀pá fanílà kan tí ẹ là sí méjì. Tó bá ti gbóná, ẹ gbé e kúrò lórí iná kí ẹ tó fi báíkìǹ sódà díẹ̀ sí i, ìdá kan nínú mẹ́rin ṣíbí tíì, torí ó máa hó sókè. Ẹ lo ìkòkò ńlá. Lẹ́yìn náà, iná wọ́ọ́rọ́, ọwọ́ yín lórí ṣíbí, fún nǹkan bí wákàtí kan àti ààbọ̀. Nígbà tí ṣíbí bá ń fi ojú ọ̀nà sílẹ̀ nísàlẹ̀ ìkòkò, ó ti tó. Fanílà Tàhítì ni mo lò, nínú dídùn Mẹ́síkò. Ọmọ tó lọ sí ẹ̀yìn odi ló padà wálé yẹn.

Ìkarùn-ún, àjà òkè: haupia. Ti Hàwáíì lèyí, kì í ṣe ti Sàmóà. Ẹ má ṣe pe gbogbo Polinésíà ní ìlú kan o. Láti Hàwáíì dé New Zealand dé Rapa Nui, òkun rẹpẹtẹ ló wà láàárín wọn. Láyé àtijọ́, ìyẹ̀fun gbòǹgbò kan tí wọ́n ń pè ní pia ni wọ́n fi ń ṣe é. Lóde òní, kọnfuláwà ni. Ta ló kọ́kọ́ sọ àgbàdo di ohun ọ̀gbìn? Àwọn ará Mẹ́síkò ayé àtijọ́, ó ti tó ẹgbẹ̀rún ọdún mẹ́sàn-án. Ẹ ò rí i pé Mẹ́síkò ti wà nínú haupia kí n tó fọwọ́ kàn án!

Ẹni tó bá mọ ẹ̀kọ rò, ó ti mọ haupia. Ẹ fi omi 200 mílílítà po kọnfuláwà 60 gíráàmù kó má ní kókó. Ẹ gbé agolo wàrà àgbọn kan ka iná pẹ̀lú ṣúgà 80 gíráàmù àti iyọ̀ bíńtín. Tó bá ti ń hó díẹ̀díẹ̀, ẹ da ìyẹ̀fun pípò yẹn sí i, ẹ máa rò ó láìdáwọ́dúró títí á fi ki, tí yóò sì máa dán. Ẹ dà á sínú páànù, kó di bí ẹ̀kọ tútù nínú fíríjì fún wákàtí mẹ́rin. Ẹ gé e ní igun mẹ́rin-mẹ́rin. Ẹ gé ọ̀pẹ̀ òyìnbó sẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, ẹ fi ọsàn wẹ́wẹ́, ata gbígbẹ àti iyọ̀ wọ́n ọn, bí wọ́n ṣe ń tà á lójú pópó ní Mẹ́síkò.

Nípa àkókò: cajeta, haupia àti omi ìṣápá, alẹ́ àná ni kí ẹ ṣe wọ́n. Búrẹ́dì, òwúrọ̀ ọjọ́ náà. Tostada, ọ̀sán. Ẹja, ó ku ìṣẹ́jú 20 kí àlejò jókòó, torí tostada tó bá pẹ́ lábẹ́ ẹja á rọ̀. Tí ẹ bá wà ní Èkó tàbí Ìbàdàn, àgbọn, ìṣápá, ọ̀pẹ̀ òyìnbó àti ọ̀dùnkún wà lọ́jà yín. Wàrà màlúù lè rọ́pò ti ewúrẹ́, kò kàn ní jẹ́ cajeta mọ́ ni. Tí kò bá sí tortilla, ẹ yan búrẹ́dì pẹlẹbẹ kó gan. Ṣùgbọ́n ẹ má pè é ní tostada.

Ìdí tí mo fi ń tẹnu mọ́ orúkọ nìyí. Mo gé páálí kéékèèké, mo kọ orúkọ oúnjẹ kọ̀ọ̀kan àti ìlú tó ti wá sí iwájú rẹ̀. Ọ̀rẹ́ mi ọmọ Sàmóà kò sọ̀rọ̀ púpọ̀. Ó ka "pani popo, Sàmóà", ó mú fóònù rẹ̀, ó ya fọ́tò páálí yẹn, kì í ṣe búrẹ́dì, ó sì fi ránṣẹ́ sí ìyá rẹ̀. Ọdún mélòó kan ló ti lò ní Lọ́ńdọ̀nù, ó ní ìgbà àkọ́kọ́ nìyẹn tí òun máa rí orúkọ ìlú òun lórí tábìlì ẹlòmíì.

Àwa náà mọ ohun tí orúkọ ń ṣe. Wọ́n kó àwọn èèyàn wa ní ẹrú lọ sí Bàhíà, ní Brazil. Wọ́n gba ilẹ̀ lọ́wọ́ wọn, wọ́n gba orúkọ lọ́wọ́ ọ̀pọ̀ wọn. Ṣùgbọ́n títí dòní, àwọn obìnrin aláṣọ funfun ń dín acarajé lójú pópó níbẹ̀, ẹni tó bá sì gbọ́ Yorùbá, tó bá gbọ́ orúkọ yẹn, ó mọ ọmọ ẹni tó ń dín in. Ká ní wọ́n ti pè é ní "búrẹ́dì ẹ̀wà" ni, ta ni ì bá mọ̀?

Torí náà, ẹ po oúnjẹ pọ̀, kò sí ohun tó burú ńbẹ̀. Kò sí oúnjẹ tó dá dúró láyé yìí. Ṣùgbọ́n bí a ṣe ń ki ẹni, ẹ máa ki oúnjẹ náà: kí orúkọ rẹ̀ má sọnù, kí ìlú rẹ̀ má sọnù.

Kì í ṣe dandan kí ẹ ṣe márààrún lẹ́ẹ̀kan náà. Ẹ bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú haupia, ìkòkò kan àti ṣíbí kan ló gbà. Tí ẹ bá ṣe é, ẹ ya fọ́tò rẹ̀, ẹ fi ohùn ránṣẹ́ sí mi lórí WhatsApp, ẹ sọ bó ṣe rí. Bó bá sì ní kókó, ẹ sọ ìyẹn náà, a ó jọ tú u. Ẹ fi ètò yìí ránṣẹ́ sí ẹnìkan tó fẹ́ràn ìdáná, àti ẹnìkan tó fẹ́ràn jíjẹ nìkan, torí àwọn méjèèjì ló nílò ara wọn.

Ó tó gẹ́ẹ́ fún tòní. Ẹ máa tọ́jú ara yín, ẹ máa mu omi, oòrùn yìí ò ṣàwàdà. Ó dìgbà kan ná!